Búrẹ́dì tó ń mu omi: àkọsílẹ̀ iṣẹ́ stuffing tí mo ṣe fún Thanksgiving

Sátidé, 2 oṣù Kọkànlá 2024

Ẹ̀gbọ́n mi obìnrin ló pín iṣẹ́ sórí WhatsApp ẹbí. Òun ló máa yan tòlótòló, ìyàwó mi ló ni jọ̀lọ́ọ̀fù, àbúrò wa obìnrin tó wà ní Dallas ló máa gbé mọ́ínmọ́ín bọ̀. Nísàlẹ̀ pátápátá ni mo ti rí tèmi: "Bàbá Ìbejì, stuffing." Mo pè é, mo ní ṣé kò sí iṣẹ́ mìíràn ni, bíi kí n lọ ra yìnyín àti ọtí ẹlẹ́rìndòdò. Ó ní, "Ìwọ tó ò ń tún ẹ̀rọ amúlétutù ṣe láti àárọ̀ dalẹ́, ṣé búrẹ́dì ló máa wá borí ẹ?"

Ohun tó ń bà á lẹ́rù yé mi. Ọmọ Amẹ́ríkà ni ọkọ rẹ̀, àwọn òbí ọkọ náà sì máa ń ti Ohio wá sí Houston wá bá wa ṣe Thanksgiving, ọdún ìdúpẹ́ àwọn ará Amẹ́ríkà. Lọ́dún tó kọjá, stuffing inú páálí la rà, a kàn da omi gbígbóná lé e lórí. Màmá àna wa bu ṣíbí kan, wọ́n rẹ́rìn-ín músẹ́, wọ́n sì rọra fi ẹran bò ó mọ́lẹ̀ nínú àwo wọn. Mo rí i. Ẹ̀gbọ́n mi náà rí i.

Fún ẹni tí kò bá tíì bá a pàdé: búrẹ́dì ni wọ́n máa ń gé sí wẹ́wẹ́, wọ́n á jẹ́ kó gbẹ, wọ́n á wá pò ó mọ́ àlùbọ́sà àti celery tí wọ́n ti fi bọ́tà dín, pẹ̀lú ewé olóòórùn, ẹyin àti omi ẹran. Wọ́n á gbé e sínú ófùnù títí òkè rẹ̀ á fi pọ́n, tí á máa ró kàkà lẹ́nu, tí inú rẹ̀ á sì rọ̀. Inú ikùn tòlótòló ni wọ́n máa ń kì í sí tẹ́lẹ̀, ibẹ̀ ló ti gba orúkọ. Irú èyí tí Màmá àna fẹ́ràn, èso máa ń wà nínú rẹ̀: ápù, cranberry gbígbẹ, nígbà mìíràn ráísìnì. Iyọ̀ àti adùn nínú òkèlè kan ṣoṣo. Ó yà mí lẹ́nu nígbà àkọ́kọ́, àmọ́ ẹni tó bá ti fi dòdò jẹ ìrẹsì aláta rí, kò yẹ kó sọ pé òun ò mọ irú ẹ̀.

Ọjọ́bọ̀ kẹrin oṣù Kọkànlá ni òfin tí wọ́n ṣe ní 1941 fi Thanksgiving sí. Lọ́dún yìí ó bọ́ sí ọjọ́ 28, kò sì lè pẹ́ ju bẹ́ẹ̀ lọ láéláé. Ìyẹn fún mi ní Sátidé mẹ́ta tí mo lè fi dán an wò.

Ìdánwò kìíní rèé. Mo wakọ̀ lọ sí ṣọ́ọ̀bù àwọn èèyàn wa ní ọ̀nà Bissonnet, mo ra búrẹ́dì Agége méjì. Èrò mi ni pé ẹni tó bá máa fi búrẹ́dì ṣe nǹkan fún àna, èyí tó dára jù lọ ni kó fi ṣe é. Mo gé e bó ṣe rọ̀ yẹn, mo gé ápù pupa méjì sí i láìsè é, mo da omi ẹran ife mẹ́rin lé e, mo gbé e sínú ófùnù fún wákàtí kan.

Ohun tí mo gbé jáde ń mì rìrì. Táíwò tọ́ ọ wò, ó ní, "Dádì, ṣé mọ́ínmọ́ín ni?" Kẹ́hìndé ní, "Mọ́ínmọ́ín kì í dùn bíi ṣúgà."

Ẹ̀bi búrẹ́dì Agége kọ́ o. Ṣúgà pọ̀ nínú rẹ̀, wọ́n sì máa ń fi ẹ̀rọ lọ ìyẹ̀fun pípò rẹ̀ léraléra títí á fi dán, ìdí nìyẹn tí inú rẹ̀ fi ki, tó ń fà bí òwú. Ẹ̀wà aganyin àti ewédú ti sunkún lọ́wọ́ rẹ̀, kò sẹ́ni tó ṣe é kó lè mu omi tòlótòló. Amos Shackleford, ọmọ Jamaica tó tìtorí iṣẹ́ rélùwéè wá sí Nàìjíríà kó tó di oníbúrẹ́dì ńlá ní Èbúté Mẹ́ta ní àwọn ọdún 1920, á rẹ́rìn-ín mi bó bá rí mi lónìí.

Ohun tí mo kọ sínú ìwé iṣẹ́ mi ni pé: *omi ti kún inú búrẹ́dì kó tó dé ọwọ́ mi. Àyè wo ló fẹ́ fi gba tèmi?* Omi ló dànù, agbè ò fọ́.

Sátidé, 9 oṣù Kọkànlá

Ohun kan ṣoṣo ni mo ń rò ní gbogbo ọ̀sẹ̀: gààrí. Ìdí tí gààrí fi ń wú tí a bá da omi sí i ni pé wọ́n ti fún omi ara rẹ̀ dànù, wọ́n sì ti yan án gbẹ. Bí a bá da omi sí ẹ̀gẹ́ tútù tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ rin, kí la ó jẹ?

Mo béèrè lọ́wọ́ Màmá òdìkejì, aládùúgbò wa tó jẹ́ ará Louisiana. Wọ́n kọ́kọ́ tún ẹnu mi ṣe: èyí tí kò bá ti sí nínú ẹran, *dressing* là ń pè é, búrẹ́dì àgbàdo sì ni wọ́n fi ń ṣe é lọ́dọ̀ àwọn. Mo ní ẹ jọ̀ọ́ mà, ará Ohio ni àna wa, stuffing ni wọ́n ń pè é lọ́dọ̀ tiwọn. Wọ́n ní ó dáa, ṣùgbọ́n èyíkéyìí tí mo bá fẹ́ ṣe, kí n jẹ́ kí búrẹ́dì gbẹ títí á fi máa dún bí mo bá gbọ̀n ọ́n nínú àwo.

Mo ra búrẹ́dì funfun tí èèpo rẹ̀ le, tí kò ní ṣúgà púpọ̀, gíráàmù 680. Ìdajì ni mo gé sórí tábìlì lálẹ́ Ọjọ́bọ̀, mo sì fi sílẹ̀ níbẹ̀ títí di àárọ̀ òní. Ó le lóòótọ́. Àmọ́ nígbà tí mo gbé e sórí òṣùwọ̀n, ìwọ̀nba díẹ̀ ló dín. Búrẹ́dì tó sùn kì í ṣe búrẹ́dì tó gbẹ. Sítáàṣì inú rẹ̀ ló tún ara rẹ̀ tò tó sì di líle, omi ṣì wà níbẹ̀. Ẹ yan búrẹ́dì àná díẹ̀ lórí iná kí ẹ rí i bó ṣe máa tún rọ̀. Kó tó lè gbẹ ní tòótọ́, iná kékeré ló máa lé omi yẹn jáde.

Mo yí ófùnù sí 275°F, mo tẹ́ gbogbo ẹ̀ sórí tíréè méjì. Ó yẹ kó gbẹ láàárín ìṣẹ́jú 45 sí 50. Wákàtí kan kọjá, mo fọ́ ẹyọ kan, àárín rẹ̀ ṣì rọ̀ bí àtẹ́lẹsẹ̀ ọmọ tuntun.

Ibí ni iṣẹ́ mi gidi ti bẹ̀rẹ̀.

Mo mú tẹ̀mómítà oníwáyà tí mo fi ń wọn atẹ́gùn ẹ̀rọ amúlétutù, mo fi ẹnu rẹ̀ kọ́ àárín ófùnù, mo yí i sí 350°F. Ófùnù kì í dúró lójú kan: á gbóná kọjá ibi tó yẹ, á wálẹ̀, á tún gòkè. Nítorí náà mo ń kọ ohun tí mo rí sílẹ̀ ní ìṣẹ́jú mẹ́ta mẹ́ta fún wákàtí kan, mo wá pín in dọ́gba. 321. Ófùnù wa ti ń parọ́ fún wa pẹ̀lú nǹkan bíi 30°F, ta ló mọ ìgbà tó bẹ̀rẹ̀.

Mo pa bíréékà, nítorí iná 240 fóòtì kì í ṣe ọ̀rẹ́ ẹnì kankan. Mo fa ófùnù kúrò lára ògiri, mo ṣí páànù ẹ̀yìn. Sẹ́ńsọ̀ rẹ̀ jẹ́ ọ̀pá tín-ínrín kan tó yọrí sínú ófùnù látẹ̀yìn. Bó ṣe ń gbóná sí i ni ìdènà iná tó wà nínú rẹ̀ ń pọ̀ sí i, iye ìdènà yẹn sì ni bọ́ọ̀dù tó ń darí ófùnù ń kà tó fi ń mọ bí ófùnù ṣe gbóná tó. Nínú yàrá tó wà ní 70°F, ó yẹ kó wà ní nǹkan bíi 1,080 óòmù. Mítà mi fi 1,147 hàn láti ẹnu wáyà tó ń lọ sínú bọ́ọ̀dù. Mo wọ̀n ọ́n láti ara sẹ́ńsọ̀ fúnra rẹ̀: 1,083. A jẹ́ pé sẹ́ńsọ̀ kò ní wàhálà. Ibi tí wáyà méjèèjì ti pàdé ni mo lọ tú wò, mo sì bá a tó ti dógùn-ún, ó ti dúdú bí ìsàlẹ̀ ìkòkò. Ìdènà ibẹ̀ ló lé kún ti sẹ́ńsọ̀, bọ́ọ̀dù wá ń rò pé ófùnù ti gbóná tó, ó ń pa iná kí àsìkò tó tó.

Mo fi sáǹpépà fínnífínní ha á, mo fún un le padà. 1,084. Mo béèrè ojúsopọ̀ tuntun lórí íntánẹ́ẹ̀tì, nítorí mo mọ̀ pé èyí tí mo ha yìí kò ní pẹ́ tó fi máa tún dógùn-ún.

Ìyàwó mi wọlé ní àsìkò yìí, ó bá ẹ̀yìn ófùnù ní títú sílẹ̀. Ó ní ṣé stuffing ni mò ń ṣe àbí mo ti ń gba iṣẹ́ oníbàárà wá sílé. Mo ṣàlàyé. Ó gbọ́ ọ tán, ó fọwọ́ lérán. Ó ní, "Kéèkì mi tí kì í jinná láàárín láti ọdún tó kọjá ńkọ́? Tí o ní ẹ̀bi ìyẹ̀fun ni?"

Mo tọrọ àforíjì. Mo tún tọrọ rẹ̀ lálẹ́.

Lẹ́yìn ìyẹn, búrẹ́dì gbẹ ní ìṣẹ́jú 50 géérégé. Ó ń dún. Gíráàmù 680 ti di 482, ìyẹn ni pé omi tó fẹ́rẹ̀ẹ́ tó ife kan ti bá atẹ́gùn lọ. Mo rò pé mo ti borí.

Mi ò tíì borí nǹkan kan. Bọ́tà oníyọ̀ ni mo lò. Omi ẹran inú páálí tí mo lò, iyọ̀ wà nínú rẹ̀. Ọwọ́ mi tún ṣe ohun tó máa ń ṣe láìgbàṣẹ lọ́dọ̀ mi, ó ju màgí méjì sí i. Ẹni tó bá jẹ ṣíbí méjì nínú rẹ̀ á wá omi lọ. Cranberry tí mo dà sí i ní gbígbẹ náà ń bá búrẹ́dì du omi: gbogbo ibi tí ó wà ló gbẹ yí i ká, àwọn tó sì wà lókè jóná di èédú wẹ́wẹ́. Mo jẹ nínú rẹ̀ fún ọjọ́ mẹ́ta, nítorí nílé tiwa, ẹni tó bá se oúnjẹ tí kò dùn ló ń jẹ ẹ́.

Sátidé, 16 oṣù Kọkànlá

Ìdánwò kẹta. Èyí ni mo fẹ́ kọ dáadáa, nítorí òun ló jẹ́.

Omi ẹran ni mo fi bẹ̀rẹ̀. Ọkọ àbúrò wa tó wà ní Dallas jẹ́ Mùsùlùmí, nítorí náà kò sí sọ́séèjì ẹlẹ́dẹ̀ nínú stuffing tiwa, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ọ̀pọ̀ ará ibí máa ń fi sí i. Mo lọ sọ́dọ̀ alápatà Mùsùlùmí tí ẹ̀gbọ́n mi ti fẹ́ ra tòlótòló, mo ra ọrùn àti apá. Mo bọ̀ ọ́ bí Màámi ṣe ń bọ ẹran, pẹ̀lú àlùbọ́sà, táìmù àti atalẹ̀ tí mo fọ́, láìsí màgí. Iyọ̀ ṣíbí kékeré kan péré. Mo fi ìkòkò sílẹ̀ lórí iná kékeré fún wákàtí méjì.

Màámi pè láti Ìbàdàn nígbà tí mò ń gé ewé sage. Mo gbé fóònù ti àwo.

"Ẹ kúùrọ̀lẹ́ mà."

"Kúùrọ̀lẹ́, bàbá mi. Kí lò ń gé nì?"

"Ewé ni mà. Búrẹ́dì ni mo fẹ́ sè."

"Búrẹ́dì tí wọ́n ti yan tán?"

"Bẹ́ẹ̀ ni mà."

"Tí ìwọ á tún wá sè?"

"Bẹ́ẹ̀ ni mà."

Wọ́n dákẹ́ díẹ̀. "Ọlọ́run á máa ṣọ́ yín níbẹ̀ yẹn o."

Wọ́n ní kí n gbé ewé náà súnmọ́ ojú fóònù. Sage nípọn, irun wẹ́wẹ́ wà lára rẹ̀ bí etí ọmọ ewúrẹ́. Mo sọ fún wọn pé òórùn rẹ̀ sún mọ́ àgbo ju ọbẹ̀ lọ, wọ́n ní ó dáa bẹ́ẹ̀, ó máa ṣe ikùn lóore. Tútù ni mo lò, ṣíbí ńlá méjì lẹ́yìn tí mo gé e tán. Ẹni tó bá ní gbígbẹ, ìdá kan nínú mẹ́ta rẹ̀ ti tó, nítorí gbígbẹ lágbára, bó bá sì pọ̀ jù, àgbo gan-an ni ẹ máa jẹ.

Èso ni iṣẹ́ wà níbẹ̀. Mo ti rò tẹ́lẹ̀ pé èso kàn wà fún adùn ni, mi ò mọ̀ pé ọ̀rọ̀ omi náà ni. Ápù tútù ń tu omi sílẹ̀ bó bá gbóná, cranberry gbígbẹ ń fa omi mu. Ọ̀kan ń fúnni, èkejì ń gbà, búrẹ́dì sì wà láàárín àwọn méjèèjì. Nítorí náà mo kọ́kọ́ parí ọ̀rọ̀ àwọn méjèèjì kí n tó mú wọn dé ọ̀dọ̀ búrẹ́dì. Ápù, mo gé e sí wẹ́wẹ́ tó tóbi bí ẹ̀pà méjì tó so pọ̀, mo dà á sínú bọ́tà pẹ̀lú àlùbọ́sà àti celery nígbà tí àwọn yẹn ti rọ̀, fún ìṣẹ́jú márùn-ún, kí omi rẹ̀ jáde kó sì gbẹ sínú páànù. Cranberry, mo da omi ẹran gbígbóná lé e fún ìṣẹ́jú 15 títí ó fi wú.

Irú ápù ṣe pàtàkì. Pupa tí mo lò nígbà àkọ́kọ́ yọ́ dànù. Aláwọ̀ ewé, tí wọ́n ń pè ní Granny Smith, ló dára: ó kan díẹ̀, kì í sì í tètè fọ́. Ìyá àgbà kan ní Australia, Maria Ann Smith, ló rí i tó hù nínú ọgbà rẹ̀ ní 1868. Ní ti cranberry, èso ilẹ̀ ibí gan-an ni, ìpínlẹ̀ Wisconsin sì ni ju ìdajì èyí tí wọ́n ń kórè ní Amẹ́ríkà ti ń wá. Afẹ́fẹ́ wà nínú èso náà, ó lè léfòó; tí wọ́n bá fẹ́ kórè, wọ́n á da omi sí oko títí èso á fi léfòó sókè, wọ́n á wá kó o jọ. Mo wá rò ó pé ẹ̀kọ́ omi ni èso yìí ti kọ́ láti oko wá. Mo tilẹ̀ fẹ́ fi zobo rẹ ẹ́ dípò omi ẹran. Ìyàwó mi wò mí, mo sì gbé zobo padà sínú fìríìjì.

Pecan wà nínú rẹ̀ pẹ̀lú, ife kan tí mo yan díẹ̀ tí mo fọ́. A ò lè máa gbé Texas ká máa lo ẹ̀pà mìíràn. Igi pecan ni igi ìpínlẹ̀ yìí láti 1919.

Bí mo ṣe pò ó rèé: búrẹ́dì gíráàmù 680 tí ó ti gbẹ; bọ́tà tí kò ní iyọ̀ gíráàmù 113; àlùbọ́sà ńlá méjì; celery igi mẹ́rin; ápù méjì; cranberry tó fẹ́rẹ̀ẹ́ kún ife; pecan; sage, táìmù àti parsley; ẹyin méjì tí mo lù mọ́ omi ẹran. Omi ẹran náà jẹ́ ife mẹ́ta. Mo da ife méjì sí i, mo rò ó, mo fi í sílẹ̀ fún ìṣẹ́jú mẹ́wàá kó mu ún, kí n tó wá fi ìyókù sí i díẹ̀díẹ̀. Ọwọ́ ni mo fi ń dán an wò. Mo bu ẹ̀kúnwọ́ kan, mo fún un: ó gbọ́dọ̀ mú ara rẹ̀ bí ìyẹ̀fun èkuru, omi ò sì gbọdọ̀ kán láàárín ìka mi. Bó bá ń kán, ó ti pọ̀. Bó bá ń tú ká, ó kù.

Ẹnì kan lè béèrè pé, bí ẹ bá lé omi ife kan jáde tí ẹ sì tún da ife mẹ́ta sí i, kí lẹ rí jẹ nínú ẹ̀? Ohun tí a jẹ ni pé omi lásán jáde, omi ẹran gba ipò rẹ̀. Búrẹ́dì tó ti gbẹ sì ti le lára bíi kànìnkànìn gbígbẹ. Á mu, á wú, kò ní fọ́ mọ́ra wọn. Ti Agége ọjọ́sí ti rọ̀ tẹ́lẹ̀, omi tí mo dà lé e kàn yọ́ ọ ni.

350°F, ìṣẹ́jú 35 pẹ̀lú fóìlì lórí, ìṣẹ́jú 25 láìsí fóìlì. Àárín rẹ̀ gbọ́dọ̀ dé 165°F nítorí ẹyin tó wà nínú rẹ̀. Ìdí kan náà nìyẹn tí mi ò fi kì í sínú tòlótòló: omi ara tòlótòló tí kò tíì jinná á ti wọ inú búrẹ́dì, ó di dandan kí àárín búrẹ́dì yẹn náà dé 165, kó tó sì débẹ̀, àyà tòlótòló á ti gbẹ bíi pákó.

Táíwò jẹ àwo méjì. Kẹ́hìndé ṣa gbogbo cranberry jẹ, ó fi ìyókù sílẹ̀. Ìyàwó mi jẹ ẹ́, ó mi orí, ó ní, "Ata dà?"

Àríyànjiyàn yẹn gùn, mi ò ní kọ gbogbo rẹ̀. Ibi tó parí sí ni pé páànù méjì la máa ṣe lọ́jọ́ náà, ata rodo méjì tí mo yọ kóró rẹ̀ á sì wọ inú ọ̀kan.

Ọjọ́rú, 27 oṣù Kọkànlá

Búrẹ́dì ti gbẹ láti àná, ó wà nínú àpò bébà. Lálẹ́ òní mo dín àlùbọ́sà, celery àti ápù, mo jẹ́ kó tutù, ó wọ fìríìjì. Omi ẹran wà nínú fìríìjì lọ́tọ̀, ọ̀rá ti dì sórí rẹ̀. Mi ò pò wọ́n pọ̀. Ẹni tó bá pò ó lálẹ́ á bá a ní mímu yó láàárọ̀.

Ọjọ́bọ̀, 28 oṣù Kọkànlá

Ẹ̀gbọ́n mi ò ní àyè nínú ófùnù tirẹ̀, tòlótòló pọ́ùn 16 ló jókòó síbẹ̀. Ilé wa ni mo ti yan páànù méjèèjì. Aago mọ́kànlá ààbọ̀ ni mo yọ wọ́n, àárín ọ̀kan jẹ́ 171, èkejì 170. Òkè wọn pọ́n dáadáa, mo fi ṣíbí kàn án, ó ró.

Mo fi fóìlì bò wọ́n, mo fi bírò aláwọ̀ dúdú kọ "ATA" gàdàgbà sórí ọ̀kan, mo fi táwẹ́lì wé wọn, mo tì wọ́n sínú kúlà tí a máa ń gbé yìnyín sí. Kúlà tó ń pa òtútù mọ́ ń pa ooru mọ́ pẹ̀lú. Ilé ẹ̀gbọ́n mi ní ìlú Katy kò jìnnà, àmọ́ gbogbo Houston ló ń gbé abọ́ lọ sílé ẹnì kan lọ́jọ́ yẹn. Nígbà tí a dé, tẹ̀mómítà fi 158 hàn. Ó ṣì ju 140 tí kò gbọdọ̀ jábọ́ sísàlẹ̀ rẹ̀ lọ.

Mo ṣí fóìlì. Òkè tó ń ró kàkà nílé ti rọ̀ jọ̀bọ̀tọ̀. Èémí gbígbóná inú rẹ̀ kò ríbi jáde, ó sì padà sórí búrẹ́dì. Èmi tí mo ti ń lé omi láti ọ̀sẹ̀ mẹ́rin, mo fi ọwọ́ ara mi bò ó mọ́nú ilé.

Tòlótòló ló yọ mí. Wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ yọ ọ́ kó lè sinmi fún ìdajì wákàtí kí wọ́n tó gé e, ófùnù sì ṣófo. Mo yí i sí 425°F, mo gbé páànù méjèèjì wọlé láìbò wọ́n, ìṣẹ́jú mẹ́wàá. Ó ró padà. Cranberry díẹ̀ tó yọrí sókè ló jóná. Mo ṣa wọ́n dànù lórí ìdúró. Ó yẹ kí n ti tì wọ́n sábẹ́ búrẹ́dì láti ilé.

Màmá àna mú láti igun, níbi tí ó ti le jù. Wọ́n jẹ ẹ́, wọn ò sọ nǹkan kan. Ẹ̀gbọ́n mi ń wò wọ́n láti ẹ̀gbẹ́ ìkòkò jọ̀lọ́ọ̀fù, èmi náà ń wo ẹ̀gbọ́n mi. Ó pẹ́ díẹ̀ kí wọ́n tó na ìka sí mi pé kí n wá. Wọ́n ní kí ló wà nínú omi ẹran yìí, ohun kan wà níbẹ̀ tí àwọn mọ̀ àmọ́ tí orúkọ rẹ̀ kò wá sọ́kàn. Mo ní atalẹ̀ ni mà. Wọ́n ní, "Hẹn-ẹn." Wọ́n dìde, wọ́n lọ gé igun kejì.

Bàbá àna ni ọ̀rọ̀ wọn pa wá lẹ́rìn-ín. Wọ́n rí "ATA" lórí fóìlì, wọ́n rò pé orúkọ ẹni tó se é ni. Wọ́n bu ún kún ṣíbí. Ojú wọn pọ́n, wọ́n mu omi ife kan tán, wọ́n sì bi mí pé ta ni Ata, àwọn fẹ́ kí i. Nígbà tí mo ṣàlàyé tán, wọ́n rẹ́rìn-ín títí wọ́n fi yọ díńgí ojú wọn nù. Wọ́n tún bu ún lẹ́ẹ̀kejì, díẹ̀.

Ẹtì, 29 oṣù Kọkànlá

Ojúsopọ̀ tuntun ti wà níta láti Ìṣẹ́gun, mi ò ráyè. Mo pa bíréékà, mo gé ti àtijọ́ kúrò, mo fi tuntun sí i. 1,083 óòmù. Mo dá páànù ẹ̀yìn padà, mo ti ófùnù mọ́ ògiri.

Stuffing tó ṣẹ́kù kò ju ìwọ̀n àwo méjì lọ, gbogbo rẹ̀ láti inú èyí tí kò ní ata. Mo gé e bí ẹ̀ká iṣu, mo fi dán ófùnù wò ní 350, ìṣẹ́jú 12. Tẹ̀mómítà fi 349 hàn. Kẹ́hìndé fi ẹyin díńdín jẹ tirẹ̀. Ó tún ṣa cranberry rẹ̀ jẹ ná. Ìyàwó mi ti gbé ìyẹ̀fun àti bọ́tà kalẹ̀ sórí tábìlì, ó ní kí n kúrò nídìí ófùnù, òun fẹ́ ṣe kéèkì.